Kámẹ́rà Ò Mọ Àárẹ̀

Ẹ gbé kámẹ́rà síwájú ẹni tó ti dúró sójú kan láti àárọ̀, kí ẹ tún gbé e síwájú ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dúró. Àwòrán kan náà lẹ máa rí. Ẹsẹ̀ tó ń wú, ìbàdí tó ń ro, ètè tó ti gbẹ, kò sí ọ̀kan tí lẹ́ǹsì lè fi ọwọ́ kàn nínú wọn. Ìṣòro tó kọ́kọ́ ń dojú kọ ẹni tó bá ń ṣe iṣẹ́ ìfaradà nìyí, ìyẹn iṣẹ́ ọnà tí ara ènìyàn jẹ́ irinṣẹ́ rẹ̀, tí àkókò gígùn sì jẹ́ ohun èlò rẹ̀, bó bá tún fẹ́ fi iṣẹ́ náà ṣe dọkumẹ́ńtárì. Ọ̀pọ̀ ló máa ń ṣe wàhálà tán, tí fíìmù wọn á sì dà bí àwòrán ènìyàn tó ń dúró de ọkọ̀.

Lójú tiwa, iṣẹ́ náà kì í bẹ̀rẹ̀ láti orí ìyà tí ara fẹ́ jẹ. Ohun tó yẹ ká kọ́kọ́ wá ni òṣùwọ̀n: ohun kan nínú fírémù tí yóò máa yí padà fúnra rẹ̀, tí ẹni tó ń wò ó yóò fi mọ̀ pé wákàtí ti lọ.

Tehching Hsieh, ọmọ Taiwan tó lọ ń gbé ní New York, mọ èyí ju gbogbo oníṣẹ́ ìfaradà lọ. Láti ọjọ́ 11 oṣù Kẹrin ọdún 1980 títí di ọjọ́ kan náà ní 1981, ó ń ti káàdì bọ aago ilé iṣẹ́, irú èyí tí òṣìṣẹ́ fi ń fi hàn pé òun ti dé, ní wákàtí wákàtí, tọ̀sán-tòru. Bó bá ti ti káàdì náà tán, kámẹ́rà 16mm á ya fírémù kan ṣoṣo. Kó tó bẹ̀rẹ̀, ó fá orí rẹ̀ kodoro, kò sì gé irun mọ́ títí ọdún fi pé. Wákàtí 8,760 ló wà nínú ọdún kan. Ó pa 133 jẹ nínú wọn, ó sì kọ ìdí rẹ̀ sílẹ̀: ìgbà 94 ni oorun gbé e lọ, ìgbà 29 ló pẹ́, ìgbà 10 ló yá jù. Ẹ yọ 133 kúrò, fírémù 8,627 ló kù. Bí 24 bá ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kọ̀ọ̀kan, gbogbo ọdún náà ò ju ìṣẹ́jú mẹ́fà lọ. Nínú ìṣẹ́jú mẹ́fà yẹn, ọwọ́ aago ń yí gbirigbiri lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkùnrin kan tó wọ aṣọ òṣìṣẹ́, irun rẹ̀ sì ń hù títí ó fi bo ọrùn.

Irun yẹn ni òṣùwọ̀n. Bó bá jẹ́ pé ó ń gé e ni, káàdì nìkan ni ì bá jẹ́rìí sí ọdún náà, káàdì ò sì ṣe é fi ojú gbádùn. Wákàtí tó pa jẹ náà sì níyì lọ́wọ́ wa ju bí àwọn ẹlòmíì ṣe kà á sí. Ẹni tó bá lè jẹ́wọ́ oorun ìgbà 94, a lè gba ìyókù gbọ́ lẹ́nu rẹ̀.

Ẹlòmíì gba ọ̀nà tó kúrú jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní 1997, Francis Alÿs ti òkìtì yìnyín kan kiri àwọn òpópónà Ìlú Mexico fún ohun tó lé ní wákàtí mẹ́sàn-án, títí ó fi yọ́ di omi lórí ọ̀dà. Fíìmù rẹ̀ kò ju nǹkan bí ìṣẹ́jú márùn-ún lọ, kò sì sẹ́ni tó máa bi í pé mélòó ni aago lù, torí yìnyín ti dáhùn. Ti Marina Abramović yàtọ̀. Ó jókòó sórí àga ní ilé ọnà MoMA ní New York láti àárín oṣù Kẹta títí di ìparí oṣù Karùn-ún 2010, ó ju wákàtí 700 lọ, láìsọ̀rọ̀. Òun fúnra rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ yí padà lójú ẹni tó ń wò ó. Àwọn tó ń wá jókòó síwájú rẹ̀ ni wọ́n ń yí padà, Marco Anelli sì ń ya ojú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan títí ó fi di 1,545. Òṣùwọ̀n lè wà lára ẹlòmíì, èyí sì wúlò fún ẹni tí ara rẹ̀ kì í tètè fi àárẹ̀ hàn.

Ní ìwọ̀-oòrùn Kogi, láti Kabba dé Ìjùmú, láti Mopa dé Ìsánlú títí kan Ẹ̀gbẹ̀, òṣùwọ̀n tí a kò fi owó rà pọ̀ nílẹ̀. Ẹ jẹ́ ká mú ẹnì kan tó fẹ́ dúró fún wákàtí mẹ́fà lórí ọ̀kan nínú àwọn òkúta ńlá tó yí Ògìdì ká. Ìlú Nike Okundaye, gbajúgbajà oníṣẹ́ ọnà àdìrẹ, ni Ògìdì, ojú wọn ti mọ́ oníṣẹ́ ọnà tó ń ti òde wá, ìyẹn sì ń dín àlàyé kù.

Òjìji ni ohun àkọ́kọ́ tó máa wá sọ́kàn, òun náà ló sì máa ń tan ènìyàn jẹ. Kabba wà ní nǹkan bí ìwọ̀n 7.8 sí àríwá ìlà tó pín ayé sí méjì. Nítorí náà oòrùn máa ń kọjá ní ọ̀gangan àtàrí wa lẹ́ẹ̀mejì lọ́dún, ní nǹkan bí ọjọ́ 10 oṣù Kẹrin àti ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Kẹsàn-án. Ní ọjọ́ wọ̀nyẹn, òjìji ẹni tó dúró ṣánṣán á máa fà wọlé títí ó fi wọ abẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ lọ. Kì í ṣe aago 12 ló ń ṣẹlẹ̀ o. Nǹkan bí aago 12 kọjá ìṣẹ́jú 37 ni, nítorí pé ìlà tí aago Nàìjíríà ń tẹ̀ lé jìnnà sí wa lápá ìlà-oòrùn. Ẹni tó bá pa kámẹ́rà ní aago 12 ti pàdánù ohun tó tìtorí rẹ̀ dúró.

Àmọ́ oṣù Kẹrin ooru ni, oṣù Kẹsàn-án sì kún fún ìkùukùu òjò. Ọ̀pọ̀ á wá sọ pé kí a dúró de ọyẹ́, torí àárọ̀ rẹ̀ tutù. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n eruku ọyẹ́ ń bo ojú oòrùn, òjìji á ṣe bàìbàì, ètè á sán, eruku á sì wọ inú lẹ́ǹsì. Àkókò tí a fara mọ́ jù ni ìdajì ìkẹyìn oṣù Kẹwàá sí àárín oṣù Kọkànlá, nígbà tí òjò ti fẹ́ lọ tán, tí ọyẹ́ ò tíì dé. Ojú ọ̀run máa ń mọ́ nígbà náà, òjìji á sì mú kedere. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Kọkànlá, òjìji ẹni tó ga tó sẹ̀ǹtímítà 170 kì í kúrú ju bíi 69 lọ, ìhà àríwá ló sì máa ń nà sí. Nǹkan bí aago 12 kọjá ìṣẹ́jú 20 ló máa ń kúrú jù ní àsìkò yẹn. Ẹ fi ẹfun fa ìlà sórí òkúta níbi tí orí òjìji wà ní ìbẹ̀rẹ̀, kí ẹnì kan sì máa fa òmíràn ní wákàtí wákàtí. Kí ẹni náà má ṣe jáde kúrò nínú fírémù ní ìkánjú. Bó ṣe ń rìn wọlé tó ń rìn jáde yẹn wà lára iṣẹ́ náà.

Omi ni òṣùwọ̀n kejì. Ẹ gbé kẹ́ẹ̀gì 25 lítà sórí òkúta, ẹ fi abẹ́rẹ́ gbígbóná lu ihò sí ìsàlẹ̀ rẹ̀, kí omi máa jò. Ó dùn létí, àmọ́ ohun mẹ́ta ló máa ń bà á jẹ́. Bí ìdérí bá dì pa, afẹ́fẹ́ ò ní wọlé, omi á sì dúró lẹ́yìn ìṣẹ́jú díẹ̀. Ẹ dẹ ìdérí náà díẹ̀. Bí omi bá jẹ́ ti odò tí a kò fi aṣọ sẹ́, pàǹtí á di ihò náà. Ẹ̀kẹta ló ń ya àwọn ènìyàn lẹ́nu: omi kì í jò ní ìwọ̀n kan náà. Bó bá kún, ìwúwo rẹ̀ ń tì í jáde. Bó ṣe ń lọ sílẹ̀, bẹ́ẹ̀ ló ń lọ́ra. Kẹ́ẹ̀gì tó máa gbẹ ní wákàtí mẹ́fà, ìdá kan nínú mẹ́rin omi rẹ̀ ló máa kù nígbà tí wákàtí mẹ́ta bá pé, kì í ṣe ìlàjì. Nítorí náà ẹ dán an wò nílé kí ọjọ́ tó pé, ẹ fi aago wò ó, kí ẹ sì fi abẹ́rẹ́ tó nípọn tàbí tó tẹ́ẹ́rẹ́ ṣe àtúnṣe ihò náà. Kẹ́ẹ̀gì funfun tí ojú ń là kọjá nìkan ló wúlò. Kẹ́ẹ̀gì yẹ́lò tí a fi ń ta epo pupa kì í jẹ́ kí ojú omi hàn.

Amọ̀ ni a fẹ́ràn jù, torí pé ara àti òṣùwọ̀n di ọ̀kan náà níbẹ̀. Amọ̀ tútù dúdú á di eérú, eérú á sán, ó sán tán á máa já bọ́. Ẹ bu amọ̀ létí odò, ẹ yọ òkúta àti gbòǹgbò kúrò, ẹ rẹ ẹ́ sómi mọ́jú, ẹ fi asẹ́ sẹ́ ẹ, kí ẹ wá pò ó títí ó fi ki bí ògì tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sẹ́. Èyí tó bá ṣàn kò ní lè sán, èyí tó bá ki jù á já bọ́ lódindi láàárín wákàtí àkọ́kọ́. Ẹ fi díẹ̀ sí ẹ̀yìn ìgbọ̀nwọ́ ní ọjọ́ kan ṣáájú, kí ẹ lè mọ̀ bóyá ara á yún. Ẹ má fi sí ojú, inú etí, abíyá tàbí ibikíbi tí awọ ti bó. Ẹ fi ẹ̀yìn sílẹ̀ láìfi nǹkan kan kùn ún, torí kámẹ́rà iwájú ò rí i, ara sì nílò ibi tí òógùn á gbà jáde. Ọ̀dà olóròóró, gíríìsì, òróró dúdú inú ẹ́ńjìnnì tí àwọn kan ń fi ara pa nítorí pé ó ń dán nínú fọ́tò, ẹ jìnnà sí wọn. Wọ́n ń dí òógùn pa, bí òógùn ò bá sì gbẹ lára, ooru á kó sínú.

Nípa ara fúnra rẹ̀, dídúró jẹ́ẹ́ le ju rírìn lọ, ìdí rẹ̀ sì ṣe kedere. Iṣan ẹ̀yìn ojúgun ló ń bá ọkàn ti ẹ̀jẹ̀ padà sókè. Bí ẹsẹ̀ ò bá mira, ẹ̀jẹ̀ á kó sílẹ̀, èyí tó ń dé ọpọlọ á dín kù, ènìyàn á sì ṣubú lójijì, gẹ́gẹ́ bí a ti ń rí sójà tó ń ṣubú lórí pápá ayẹyẹ. Àmì rẹ̀ máa ń wá ṣáájú: yíyán léraléra, òógùn tútù, èébì tó ń gbé ọ̀nà ọ̀fun, ojú tó ń ṣú. Ẹni tó dúró kò gbọdọ̀ ti orúnkún pa. Kó tẹ̀ ẹ́ díẹ̀, kó máa fún iṣan ẹ̀yìn ojúgun pọ̀, kó máa tẹ ọmọ ìka ẹsẹ̀ mọ́ òkúta ní ìṣẹ́jú méjì-méjì. Kò sẹ́ni tó máa rí i. Bí ojú bá ti ń ṣú, kó dùbúlẹ̀ sílẹ̀, kí wọ́n gbé ẹsẹ̀ rẹ̀ sókè ju orí lọ. Kí ẹnikẹ́ni má gbé e jókòó kó tó sunwọ̀n.

Omi mímu: ara ń pàdánù ìdajì lítà sí lítà kan ní wákàtí nínú oòrùn. Omi lásán nìkan láti àárọ̀ dọ̀sán ò dára, torí òógùn ń kó iyọ̀ lọ, omi púpọ̀ tí kò ní iyọ̀ sì lè dá orí fífọ́ àti gìrì sílẹ̀. Ẹ po ọ̀rá píọ̀ wọ́tà méjì, ti 50cl, pẹ̀lú ṣíbí ìpotíì mẹ́fà ṣúgà tí a há dọ́gba àti ìlàjì ṣíbí ìpotíì iyọ̀. Kí ẹnì kan máa gbé e sí i lẹ́nu pẹ̀lú páìpù kékeré ní ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún-mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ẹ pinnu ṣáájú bóyá mímu omi yìí máa hàn nínú fírémù. Àwọn kan á fi pamọ́ kí iṣẹ́ lè dà bí iṣẹ́ ìyanu. A ò rí iyì kankan nínú ìyẹn.

Òkúta ń gbóná gan-an bí ọ̀sán bá pọ́n. Ojú ibi tí àtẹ́lẹsẹ̀ ti bò láti àárọ̀ á ṣì ṣe é fara dà, àmọ́ ìgbésẹ̀ kan péré sí ẹ̀gbẹ́ lè jó ènìyàn. Ẹ ní bàtà àti aṣọ tútù nítòsí fún ìparí iṣẹ́, ìgbà tí gbogbo ènìyàn á gbàgbé.

Ẹnì kan gbọ́dọ̀ wà tó ní àṣẹ láti dá iṣẹ́ dúró, kí ó má ṣe jẹ́ ẹni tó ń ya fíìmù. Ní Belgrade ní 1974, Abramović dùbúlẹ̀ sáàárín ìràwọ̀ onígi tó ń jó. Iná gba afẹ́fẹ́ ibẹ̀ tán, ó sì dákú. Àwọn tó ń wò ó rò pé ara eré ni, kí ẹlòmíì tó fura pé nǹkan ti yíwọ́, tí wọ́n gbé e jáde. Èyí ni ewu iṣẹ́ ìfaradà níbi gbogbo: ìdákú àti eré jọ ara wọn. Nítorí náà ẹ ní àmì kan, bíi kí ẹni tó dúró máa di ọwọ́ òsì lẹ́ẹ̀mejì bí alámòójútó bá wò ó ní ìdajì wákàtí kọ̀ọ̀kan. Bí àmì ò bá wá lẹ́yìn ìbéèrè kejì, iṣẹ́ ti parí. Kò sí ìjíròrò. Ẹ kọ gbogbo rẹ̀ sí ojú ìwé kan ṣoṣo: ìgbà tí iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀, ìgbà tó máa parí, ohun tí a fàyè gbà, ohun tí a kò fàyè gbà, ẹni tó lè dá a dúró. Hsieh máa ń kọ irú ìwé bẹ́ẹ̀, ó sì ń fi ọwọ́ sí i. Nígbà tó ti ara rẹ̀ mọ́ inú àgò fún ọdún kan, láti 1978 sí 1979, agbẹjọ́rò ló fi èdìdì di í.

Ọ̀rọ̀ kámẹ́rà wá kù. Ẹ lo méjì. Ọ̀kan á dúró lórí tráípọ́dù láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, kò ní yí, kò ní súnmọ́. Èkejì wà lọ́wọ́ ẹni tó ń rìn kiri. Bí oníṣẹ́ ìfaradà náà bá jẹ́ ẹni tó ń ṣe fíìmù fúnra rẹ̀, a ti rí i pé ìdẹwò tó le jù ni pé kó máa ronú nípa kámẹ́rà nígbà tó dúró: ṣé iná pupa ṣì ń tàn, ṣé bátìrì ò tíì kú. Ojú rẹ̀ á máa yí, fíìmù á sì jẹ́rìí sí i. Kó fi gbogbo rẹ̀ lé ẹlòmíì lọ́wọ́ ní alẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú, kó sì gbà pé ohun tí kámẹ́rà kò bá gbà sílẹ̀ ti lọ.

Ẹ ṣírò ibi ìpamọ́. Ní 1080p lórí 50 mẹ́gábíìtì ní ìṣẹ́jú àáyá kan, wákàtí kan ń jẹ 22.5GB, wákàtí mẹ́fà á jẹ 135GB. Mẹ́mọ́rì 128GB kan ò ní tó, ibi tó sì máa kún sí ni wákàtí tó ṣáájú òpin, èyí tí ẹ nílò jù. Ẹ pààrọ̀ rẹ̀ ní wákàtí kẹta, nígbà tí gbogbo nǹkan ṣì rọ̀. 4K á sọ ìwọ̀n náà di méjì, á sì mú kámẹ́rà gbóná. Ọ̀pọ̀ kámẹ́rà kékeré á pa ara wọn nínú oòrùn Kogi kí wákàtí kan tó pé. Ẹ fi agboòrùn tí ẹ ta aṣọ funfun lé lórí ṣíji bò ó. Àwọn kámẹ́rà kan wà tí wọ́n ń dúró fúnra wọn ní ìṣẹ́jú 29 àti àáyá 59. Ẹ yẹ tiyín wò kí ọjọ́ iṣẹ́ tó dé, kí ẹnì kan sì máa fi aago ṣọ́ ọ. Pawabáńkì tó ń fún kámẹ́rà níná tààrà sàn ju bátìrì mẹ́rin tí a ń pààrọ̀, torí pé gbogbo ìpààrọ̀ ló ń mi fírémù.

Ẹ pa ìfojúsùn aládàáṣe, kí ẹ fi sẹ́lótépù lẹ òrùka lẹ́ǹsì mọ́lẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ ló nira. Láti aago mẹ́fà ààbọ̀ sí mẹ́jọ, ojú ọjọ́ ń mọ́ kíákíá débi pé ètò tó dára ní ìbẹ̀rẹ̀ á sọ ohun gbogbo di funfun. Bí ẹ bá sì fi kámẹ́rà sílẹ̀ kó máa ṣètò ara rẹ̀, àwòrán á máa ṣẹ́jú bí ìkùukùu kọ̀ọ̀kan ṣe ń kọjá. Ohun tó rọrùn jù ni kí a bẹ̀rẹ̀ ní aago mẹ́jọ, kí a sì parí ní aago méjì. A pàdánù òjìji gígùn ti àárọ̀, a sì jèrè àwòrán tó dúró.

Ohùn kì í gba ti kámẹ́rà. Ẹ gbé rẹ̀kọ́dà sítòsí ẹsẹ̀ ẹni náà, ẹ fi ìbòrí onírun bo máíkì nítorí afẹ́fẹ́ orí òkè, ẹ pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan níwájú kámẹ́rà méjèèjì ní ìbẹ̀rẹ̀ kí ẹ lè rí ibi tí ohùn àti àwòrán á ti pàdé. Ẹni tó bá yan ibi tó súnmọ́ ọ̀nà Obajana á gbọ́ tírélà sìmẹ́ńtì ju èémí lọ. Ẹ lọ jókòó síbẹ̀ fún wákàtí kan ní ọjọ́ kan náà nínú ọ̀sẹ̀, ní aago kan náà, kí ẹ sì dijú.

Àwọn ènìyàn ìlú ni ó yẹ kí a kọ́kọ́ lọ bá ká tó bẹ̀rẹ̀ sí í wo gbogbo èyí. Ẹ lọ sọ́dọ̀ ọba tàbí baálẹ̀, kì í ṣe nípasẹ̀ fóònù, ẹ mú obì dání, ẹ béèrè òkúta wo ni kì í ṣe ibi ìdúró, ọjọ́ wo ni a kì í rìn níbẹ̀. Nínú ọ̀ràn aṣọ, ẹ ṣọ́ra. Aṣọ ìpò, aṣọ pupa ti àwọn ará Bùnú, aṣọ ìsìnkú ẹni ńlá àti ti eégún ni. Kò yẹ kí ẹnì kan rọra gbé e kọ́rùn nítorí pé ó máa pọ́n dáadáa nínú fíìmù. Ẹ má sì bo ojú pátápátá láìsọ fún àwọn tó ni eégún. Jelili Atiku, oníṣẹ́ ọnà tó ti gba Àmì-Ẹ̀yẹ Prince Claus ní 2015, ni wọ́n mú ní oṣù Kìn-ín-ní 2016 lẹ́yìn iṣẹ́ tó ṣe ní òpópónà Èjìgbò ní ìlú Èkó, ìlú rẹ̀ gan-an, wọ́n sì gbé e lọ sí ilé ẹjọ́ kí wọ́n tó wá fa ẹjọ́ náà tì. Ní apá ọ̀dọ̀ wa níbí, tí ìbẹ̀rù ajínigbé ti wà nínú igbó, ẹ sọ fún fijilanté àti àgọ́ ọlọ́pàá pẹ̀lú. Díróònù ní tirẹ̀ nílò àṣẹ ìjọba àpapọ̀. Bí ẹ ò bá ní in lọ́wọ́, ẹ fi sílé.

Ìbéèrè kan wà tí àwọn ará ilé máa bi yín, ó sì tọ́ kí wọ́n bi í: kí ló dé tí ẹnì kan á fi ọwọ́ ara rẹ̀ wá ìyà, nígbà tí àwọn tí kò wá a ń jẹ ẹ́ lójoojúmọ́? Wura-Natasha Ogunji, oníṣẹ́ ọnà kan, gbìyànjú láti dáhùn ní Èkó ní 2013. Òun àti àwọn obìnrin mìíràn bojú, wọ́n so kẹ́ẹ̀gì omi mọ́ ọrùn ẹsẹ̀, wọ́n sì ń wọ́ ọ gba ojú títì. Gbogbo ènìyàn ló mọ kẹ́ẹ̀gì; wíwọ́ rẹ̀ nílẹ̀ ló ṣàjèjì. Ìyẹn ló jẹ́ kí àwọn tó ń kọjá dúró wo ẹrù tí wọn kì í wò. Ìdáhùn tó tó nìyẹn lójú tiwa, àmọ́ kì í ṣe gbogbo iṣẹ́ ìfaradà ló ní i. Ẹni tó bá kàn ń fi ìyà ṣe afẹ́ yẹ kó gbọ́ ọ̀rọ̀ náà lẹ́nu ìyá tó ń yan gàrí, kó sì dákẹ́.

Ibí gan-an ni iṣẹ́ méjèèjì, ìfaradà àti dọkumẹ́ńtárì, ti pàdé. Ẹni tó ti dúró wákàtí mẹ́fà mọ ohun tí ìṣẹ́jú mẹ́rin jẹ́. Bó bá wá ń ya ìyá tó ń yan gàrí nídìí ààrò, kò ní gé àwòrán náà lẹ́yìn àáyá márùn-ún, torí pé kò sí òótọ́ kankan nínú àáyá márùn-ún nídìí iná. Á mú ojú kan, á fi tráípọ́dù sílẹ̀, á jẹ́ kí apá náà máa lọ kó máa bọ̀ títí ìyẹ̀fun fi yí àwọ̀ nínú agbada. Àwọ̀ yẹn ni òṣùwọ̀n tirẹ̀. Kò sì ní bẹ màmá pé kó tún un ṣe nítorí kámẹ́rà, bí kò ṣe pé òun fúnra rẹ̀ ṣe tán láti padà sórí òkúta fún wákàtí mẹ́fà mìíràn. Ẹ san owó fún un fún àkókò rẹ̀, ẹ sì san án kí ẹ tó tan kámẹ́rà.

Bí ẹ bá jókòó láti tò ó pọ̀, wákàtí mẹ́fà á fẹ́ sọ ara rẹ̀ di ìṣẹ́jú kan tó ń sáré. Fírémù kan ní àáyá mẹ́wàá-mẹ́wàá fún wákàtí mẹ́fà jẹ́ 2,160, ìyẹn àáyá 86 péré bí fírémù 25 bá ń kọjá ní àáyá kan. Ó ń dùn wò, òjìji ń sá, amọ̀ ń sán, ṣùgbọ́n ó ń sọ ènìyàn di igi. Ẹ lè lò ó lẹ́ẹ̀kan. Ẹ fi ojú kan tí a kò gé, tó tó ìṣẹ́jú márùn-ún, sí wákàtí karùn-ún, láìsí orin, láìsí ohùn tó ń ṣàlàyé. Àwọn kan nínú àwọn tó ń wò ó á bẹ̀rẹ̀ sí í yí ìdí lórí àga, ara tiwọn ti ń bá iṣẹ́ náà lọ nìyẹn. Ohùn àwọn tó ń kọjá tí wọ́n ń kí i pé “Okun o!” láìmọ̀ pé kò ní dáhùn, ó sàn ju orin fèrè ìbànújẹ́ kankan lọ. Bí wọ́n bá sọ èdè Òwé, ti Yàgbà tàbí ti Ìjùmú, ẹ fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ẹ kọ ìtumọ̀ sísàlẹ̀. Ẹ bi oníṣẹ́ náà ní ìbéèrè lálẹ́ ọjọ́ yẹn kan náà, nígbà tí kò tíì rí ọ̀rọ̀ dídùn sọ, kí ẹ sì tún bi í lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan.

Ẹ da gbogbo rẹ̀ sí díráìfù méjì kí ẹ tó sùn, kí ọ̀kan má sì bá èkejì wà nínú báàgì kan náà. Tí ẹ bá ti tò ó tán, ẹ kọ́kọ́ fi han ìlú tí òkúta wà. Pírójẹ́kítọ̀ kan, aṣọ funfun kan, jẹnẹrétọ̀ tó jìnnà tó àádọ́ta mítà pẹ̀lú wáyà gígùn kí ariwo rẹ̀ má baà bo èémí tí ẹ ṣe wàhálà gbà sílẹ̀. Bí àwọn àgbà bá ní ibì kan wà tí kò yẹ kó jáde, ẹ béèrè ìṣẹ́jú rẹ̀ gan-an lọ́wọ́ wọn, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, kí ẹ yọ ọ́ kí fíìmù náà tó kúrò ní Ògìdì.